Ìwà ìkà nínú ìgbéyàwó: bí ẹ ṣe lè gbé ọ̀rọ̀ náà dé kóòtù ní Èkó

Ọ̀pọ̀ èèyàn tó ń wọ ọ́fíìsì lọ́yà ní Ìkẹjà tàbí ní Ìgbósẹ̀rẹ̀ ló máa ń bẹ̀rẹ̀ báyìí: "Ìwà ìkà ẹ̀ ti tó gẹ́ẹ́, mo fẹ́ kọ̀ ọ́ sílẹ̀." Ohun tó yẹ kí wọ́n kọ́kọ́ gbọ́ ni pé nínú òfin tó ń darí ìgbéyàwó alárédè, ìyẹn Matrimonial Causes Act ti ọdún 1970, ìwà ìkà kì í ṣe ìdí tó dá dúró fúnra rẹ̀. Ìdí kan ṣoṣo lòfin náà mọ̀: pé ìgbéyàwó ọ̀hún ti fọ́ kọjá àtúnṣe. Abala 15 wá to ọ̀nà mẹ́jọ sílẹ̀ tí èèyàn lè gbà fi èyí hàn. Abẹ́ ìkẹta nínú wọn ni ìwà ìkà bọ́ sí: pé ẹni tí wọ́n pè lẹ́jọ́ ti hùwà débi pé kò bọ́gbọ́n mu kí ẹnikẹ́ni retí pé kí ẹnì kejì ṣì máa bá a gbé.

Nítorí náà, orúkọ tí ẹ bá pe ìwà náà kò ṣe kóòtù ní nǹkan kan. Ohun tó ṣe gan-an ni adájọ́ fẹ́ gbọ́: ọjọ́ wo, níbo, báwo ló ṣe é, ta ló wà níbẹ̀, kí ló dá sí yín lára. Ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ẹjọ́ tó yẹ kó jàre ti ń jẹ̀bi. Ọkùnrin náà lè pẹjọ́ yìí o. Ìyàwó tó ń da omi gbígbóná sí ọkọ lára tàbí tó ń fi ọ̀bẹ halẹ̀ mọ́ ọn, abala kan náà ló mú un.

Ẹ̀mí ṣáájú ìwé

Bí wọ́n bá ń lù yín lọ́wọ́lọ́wọ́, ẹjọ́ ìkọ̀sílẹ̀ kọ́ ni ẹ máa kọ́kọ́ sáré sí, torí ó ń gba oṣù, ó sì lè gba ọdún. Ẹ pe 112 tàbí 767, nọ́ńbà pàjáwìrì ìpínlẹ̀ Èkó. Àjọ ìjọba tó ń rí sí ìwà ipá inú ilé, DSVA, ní nọ́ńbà ọ̀fẹ́ 08000 333 333. Láti ọdún 2007 ni Èkó ti ní òfin tirẹ̀ tó ń dáàbò bo èèyàn lọ́wọ́ ìwà ipá inú ilé. Lábẹ́ òfin yẹn, ẹ lè tọrọ àṣẹ ààbò lọ́wọ́ kóòtù, kí wọ́n ka ìlù, ìhàlẹ̀ àti títẹ̀lé yín kiri léèwọ̀ fún ẹni náà. Ẹ ò ní láti tíì pẹjọ́ ìkọ̀sílẹ̀ kẹ́ ẹ tó tọrọ rẹ̀.

Bẹ́ ẹ bá máa jáde nílé, ìwé ni kẹ́ ẹ kó ṣáájú aṣọ: ìwé ẹ̀rí ìgbéyàwó, ìwé ìbí àwọn ọmọ, pásípọ́ọ̀tù, káàdì ìdánimọ̀, rìsíìtì owó ilé ìwé, káàdì ilé ìwòsàn. Bí ẹ ò bá lè kó o lẹ́ẹ̀kan náà, ẹ ya fọ́tò wọn, kẹ́ ẹ fi ránṣẹ́ sí ẹni tó ṣeé finú hàn, kẹ́ ẹ sì pa á rẹ́ lórí fóònù tẹ́ ẹ jọ ń lò.

Kóòtù wo?

Ẹ mú ìwé ìgbéyàwó yín jáde, kẹ́ ẹ wò ó dáadáa. Bó bá jẹ́ ti rẹ́jísírì, yálà ti Ìkòyí tàbí ti ìjọba ìbílẹ̀, tàbí ti ṣọ́ọ̀ṣì tí ìjọba fún láṣẹ láti so tọkọtaya pọ̀ lábẹ́ òfin, High Court nìkan ló lè tú u. Ti Èkó ní ìjókòó ní Erékùṣù, ní Ìkẹjà, ní Ìkòròdú, ní Ẹ̀pẹ́ àti ní Badagry. Bó bá jẹ́ ìdána nìkan lẹ ṣe, kóòtù ìbílẹ̀ tí àwọn èèyàn ń pè ní kọ́kọ́-kọ́kọ́ ni ibi tẹ́ ẹ máa lọ. Ìlànà tibẹ̀ kúrú ju èyí tá a fẹ́ ṣàlàyé lọ, àmọ́ ohun tá a máa sọ nípa ẹ̀rí wúlò níbẹ̀ náà.

Àṣìṣe tó pọ̀ jù ní Èkó rèé: àárọ̀ Sátidé ni wọ́n ṣe ìdána, ọ̀sán ni wọ́n wọ ṣọ́ọ̀ṣì, wọ́n fọwọ́ sí ìwé ìjọba. Lẹ́yìn ọdún mẹ́wàá, ẹnì kan nínú wọn lọ sí kóòtù ìbílẹ̀, wọ́n dá owó orí padà, wọ́n ní ó parí. Kò parí. Ìgbéyàwó alárédè ṣì wà níbẹ̀, kóòtù ìbílẹ̀ ò lágbára lórí ẹ̀, ìgbéyàwó mìíràn tí èyíkéyìí nínú wọn bá sì lọ ṣe ní rẹ́jísírì, òfo ni. Ọjọ́ tí wọ́n bá fẹ́ pín ogún tàbí gba físà ni àṣírí máa ń tú.

Bí ọkọ bá ti japa, ìyàwó tó ti ń gbé ní Nàìjíríà fún ọdún 3 gbáko ṣáájú ọjọ́ tó pẹjọ́ lè pẹjọ́ níbí.

Bí ìgbéyàwó ò bá tíì pé ọdún 2

Abala 30 ní kí ẹni tí ìgbéyàwó rẹ̀ ò tíì pé ọdún 2 kọ́kọ́ gba ìyọ̀ǹda kóòtù kó tó pẹjọ́. Ẹ̀sùn àgbèrè àti ìwọ̀nba ẹ̀sùn mìíràn nìkan ni kò nílò rẹ̀, ìwà ìkà lásán sì nílò rẹ̀. Nínú ìwé ìtọrọ náà, ẹ gbọ́dọ̀ fi hàn pé ìyà tó ń jẹ yín kọjá èyí tí ojú ń rí nínú ìgbéyàwó ọ̀tun, tàbí pé ìwà ẹni náà burú kọjá àfẹnusọ. Ẹni tí wọ́n ti ṣẹ́ lápá, tí dókítà sì kọ ọ́ sílẹ̀, ní ohun tó máa fi hàn. Ẹni tó kàn ní "a ò gbọ́ ara wa yé," kóòtù á ní kó lọ dúró.

Èwo ló wúwo tó?

Adájọ́ máa ń wo nǹkan méjì pọ̀. Ìkínní, ṣé ìwà náà le, ṣé ó burú débi tí ẹni tí orí rẹ̀ pé tó wà níta náà á fi ní ó tó gẹ́ẹ́? Ìkejì, ṣé ẹni tó pẹjọ́ yìí gan-an, pẹ̀lú ìlera rẹ̀ àti ìrírí rẹ̀ nínú ilé yẹn, ṣì lè máa bá a gbé? Ẹ ò ní láti fi hàn pé ó mọ̀ọ́mọ̀ fẹ́ pa yín lára. Láyé àtijọ́, lẹ́yìn ìdájọ́ kan nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì lọ́dún 1897, ohun tí wọ́n ń béèrè ni ewu fún ẹ̀mí, ara tàbí ìlera. Ojú ìwòye ti fẹ̀ báyìí, ṣùgbọ́n ìwé dókítà tó sọ ohun tí ìwà náà ṣe sí ìlera yín ṣì wúwo púpọ̀ lọ́wọ́ adájọ́.

Ìlù, ìfúnlọ́rùn, ìhàlẹ̀ láti pani, kíkó àrùn ìbálòpọ̀ ran ẹnì kejì nígbà tó mọ̀, fífi ẹ̀sùn àgbèrè tàbí àjẹ́ kan èèyàn lójú gbogbo ayé láìnídìí, títìí mọ́ta lóru pẹ̀lú ọmọ lẹ́yìn: gbogbo ìwọ̀nyí wọ̀ ọ́. Ìlù kan ṣoṣo tó burú jáì lè tó. Àwọn tí kò burú tó bẹ́ẹ̀ máa ń nílò kí wọ́n pọ̀, kí wọ́n sì tẹ̀ lé ara wọn. Híhanrun lójú oorun, ọbẹ̀ tí kò dùn, ìyá ọkọ tó ń yọjú sí ilé ìdáná, ìjà lórí ẹni tó máa san owó iná: ohun tí ojú ń rí nínú ìgbéyàwó ni kóòtù ń pe ìyẹn.

Abala 16 to àwọn kan sílẹ̀ tó jẹ́ pé, bẹ́ ẹ bá ti fi wọ́n hàn, ọ̀nà ti là: ẹni tó ti di ọ̀mùtí fún ọdún 2 ó kéré tán, ẹni tó mọ̀ọ́mọ̀ kọ̀ láti san owó ìtọ́jú tí kóòtù ti pàṣẹ rẹ̀ tàbí tẹ́ ẹ jọ fọwọ́ sí, fún ọdún 2 gbáko ṣáájú ẹjọ́, ẹni tí kóòtù ti dá lẹ́bi pé ó gbìyànjú láti pa yín tàbí pé ó mọ̀ọ́mọ̀ ṣe yín léṣe gidi. Ti ìkẹyìn yìí ní gbèdéke: ìdálẹ́bi náà gbọ́dọ̀ bọ́ sí àárín ọdún kan ṣáájú ọjọ́ tẹ́ ẹ pẹjọ́. Ẹni tó bá jókòó lé e títí ọdún fi yípo ti sọ ẹ̀rí tó lágbára jù nù.

Ìwé àkọsílẹ̀: ibi tí ẹjọ́ ti ń jàre

Ẹ ra ìwé àkọsílẹ̀ kan, kẹ́ ẹ má tọ́jú ẹ̀ sílé. Ojú ewé kan fún ìṣẹ̀lẹ̀ kan. Ẹ kọ èyí tó ṣẹlẹ̀ kẹ́yìn ná, kẹ́ ẹ wá kọ èyí tó burú jù, kẹ́ ẹ tó padà sí èyí tó kọ́kọ́ ṣẹlẹ̀. Ìṣẹ̀lẹ̀ mẹ́fà tó dúró ṣánṣán dára ju ogójì tí kò lórí tí kò nídìí lọ.

Ẹ wo bí ìyàtọ̀ ṣe rí. Irú èyí tó ń ba ẹjọ́ jẹ́ nìyí: "Olùjẹ́jọ́ máa ń na olùpẹ̀jọ́ nígbà gbogbo, kò sì láàánú." Irú èyí tó ń dúró nìyí:

"Lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun, 14 oṣù kẹta ọdún 2023, ní nǹkan bí aago mẹ́sàn-án alẹ́, nínú ilé ìdáná ibi tí wọ́n jọ ń gbé ní Súrùlérè, olùpẹ̀jọ́ béèrè owó ilé ìwé ọmọ wọn kejì. Olùjẹ́jọ́ di ọrùn ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀ mú, ó yí i sẹ́yìn, ó sì fi orí rẹ̀ gbá etí kọ́bọ́ọ̀dù. Iwájú orí rẹ̀ là. Àbúrò rẹ̀ tó wà ní pálọ̀ gbọ́ igbe, ó sáré wọlé, ó bá ẹ̀jẹ̀ nílẹ̀. Wọ́n rán ojú ọgbẹ́ náà níbi mẹ́rin ní ilé ìwòsàn ìjọba lóru ọjọ́ náà."

Kò sí èébú kan níbẹ̀, kò sì sí "ìkà èèyàn." Ṣùgbọ́n gbogbo gbólóhùn rẹ̀ ló ní ẹni tàbí ìwé tó lè dúró tì í: àbúrò náà lè wá jẹ́rìí, ilé ìwòsàn ní fáìlì, ilé ìwé ní ìwé owó tí wọn ò tíì san. Bí lọ́yà kejì, ìyẹn lọ́yà olùjẹ́jọ́, bá ní irọ́ ni, ibi mẹ́ta ló ní láti wó.

Bẹ́ ẹ bá gbàgbé ọjọ́, ẹ má dá ọjọ́ kalẹ̀. Ẹ fi nǹkan tẹ́ ẹ rántí dè é: "ọ̀sẹ̀ Iléyá ọdún 2022," "ọjọ́ kejì tí a ṣe ìsọmọlórúkọ," kẹ́ ẹ sì kọ "ní nǹkan bí" síwájú ẹ̀. Ẹni tó bá fi ọjọ́ àfọwọ́fà síbẹ̀, pásípọ́ọ̀tù tó ní òǹtẹ̀ ìrìn àjò ọjọ́ yẹn ni lọ́yà kejì máa nà sókè. Láti ibẹ̀ lọ, òótọ́ mẹ́sàn-án tó kù á máa dún bí irọ́ létí adájọ́.

Ọ̀rọ̀ ẹnu, ẹ kọ ọ́ bó ṣe jáde. Bó bá jẹ́ Yorùbá ló fi sọ ọ́, Yorùbá ni kẹ́ ẹ kọ. "Àjẹ́ ni ẹ́, ìwọ lo jẹ oyún tó wà níkùn ẹ": ẹ gbé e síbẹ̀ bẹ́ẹ̀, kẹ́ ẹ sọ ẹni tó wà ní ìjókòó nígbà tó sọ ọ́. Lọ́yà á fi ìtumọ̀ Gẹ̀ẹ́sì tì í, torí èdè yẹn ni High Court ń lò. Bẹ́ ẹ bá kọ "ó bú mi" nìkan, ẹ ti bó agbára rẹ̀ kúrò.

Ẹ̀rí, àti bó ṣe ń bàjẹ́

Ilé ìwòsàn. Ẹ lọ lọ́jọ́ náà, kẹ́ ẹ sì sọ ẹni tó ṣe é. Ìtìjú ló ń mú kí ọ̀pọ̀ sọ pé àwọn ṣubú lórí àtẹ̀gùn, ìyẹn ni dókítà máa kọ, ìyẹn náà ni lọ́yà kejì máa kà sókè lọ́dún méjì lẹ́yìn náà. Kí dókítà kọ ibi tí ọgbẹ́ wà, apá ọ̀tún tàbí òsì, bó ṣe gùn tó, àti ìtọ́jú tí wọ́n ṣe. Ẹ tọ́jú nọ́ńbà káàdì yín, òun ni wọ́n máa fi wá fáìlì nígbà tí lọ́yà bá béèrè fún ìwé ìròyìn ìlera.

Fọ́tò. Ẹ ya èyí tó fi ojú yín hàn pẹ̀lú ọgbẹ́, kẹ́ ẹ wá ya ti tòsí, pẹ̀lú rúlà tàbí nǹkan mìíràn tí gbogbo ayé mọ bó ṣe tóbi tó lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀. Ẹ tún un yà lọ́jọ́ kejì àti ọjọ́ kẹta, nítorí ojú ibi tí wọ́n ti lu èèyàn máa ń dúdú sí i kó tó rọ̀. Ẹ má fi nǹkan kan pa àwọ̀ fọ́tò náà dà.

Fóònù. WhatsApp, ohùn tẹ́ ẹ gbà sílẹ̀ àti fọ́tò orí fóònù, abala 84 Òfin Ẹ̀rí ti ọdún 2011 ló ń darí wọn. Ó ń béèrè ìwé ẹ̀rí tó sọ ẹ̀rọ tí wọ́n ti wá, bí wọ́n ṣe tẹ̀ wọ́n jáde, àti pé ẹ̀rọ náà ń ṣiṣẹ́ dáadáa. Ọ̀pọ̀ ọ̀rọ̀ ìhàlẹ̀ tó burú jáì ni kóòtù ti tì sẹ́yìn nítorí pé ìwé yìí ò sí níbẹ̀. Ẹ má pa ọ̀rọ̀ náà rẹ́, ẹ má sì ta fóònù náà. Kí ọjọ́ àti nọ́ńbà ẹni tó fi í ránṣẹ́ hàn nínú ohun tẹ́ ẹ bá tẹ̀.

Teṣàn. Wọ́n lè sọ fún yín pé ọ̀rọ̀ tọkọtaya ni, kẹ́ ẹ lọ yanjú ẹ̀ nílé. Ẹ fi sùúrù takú pé kí wọ́n kọ ọ́ sínú ìwé wọn, kẹ́ ẹ sì béèrè ẹ̀dà tó ní òǹtẹ̀. Òṣìṣẹ́ DSVA lè dúró tì yín.

Ẹlẹ́rìí. Ẹni tó rí i tàbí tó gbọ́ ọ ló wúlò: ará ilé òdìkejì, ọmọ ọ̀dọ̀, mẹ́gáàdì, pásítọ̀ tí ẹni náà jẹ́wọ́ fún. Ẹni tẹ́ ẹ sọ ọ́ fún lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ kan ò wúwo tó bẹ́ẹ̀.

Ìdáríjì tó ń dí ọ̀nà

Abala 26 sọ pé kóòtù ò ní tú ìgbéyàwó ká lórí ìwà tí olùpẹ̀jọ́ ti mọ̀ tó sì ti darí jì pátápátá. Pípadà sí yàrá kan náà lẹ́yìn ẹ̀bẹ̀ àwọn ẹbí ni lọ́yà kejì máa kọ́kọ́ gbé jáde. Èyí ò ní kẹ́ ẹ má gbìyànjú àtúnṣe o. Bẹ́ ẹ bá padà, ẹ kọ ọjọ́ tẹ́ ẹ padà àti ìlérí tó ṣe sílẹ̀, torí bó bá tún ṣe é, èyí tẹ́ ẹ ti darí jì máa ń jí padà pẹ̀lú tuntun. Irọ́ pé ẹ ò padà rárá ló ń pa ẹjọ́.

Ìwé ìpẹ̀jọ́

Ẹni tí kò lówó lọ́yà lè lọ sí Office of the Public Defender ti ìjọba Èkó, Legal Aid Council, tàbí FIDA, ẹgbẹ́ àwọn obìnrin agbẹjọ́rò.

Ìwé ìpẹ̀jọ́ máa ń sọ ọjọ́ àti ibi tẹ́ ẹ ti ṣègbéyàwó, àwọn ilé tẹ́ ẹ ti jọ gbé, ọjọ́ tẹ́ ẹ pínyà, orúkọ àti ọjọ́ orí àwọn ọmọ, ẹjọ́ tẹ́ ẹ ti ṣe tẹ́lẹ̀, àwọn ìṣẹ̀lẹ̀ náà, ètò tẹ́ ẹ ní fún àwọn ọmọ, àti ohun tẹ́ ẹ ń béèrè. Ẹ máa búra sí i nínú áfídáfíìtì, lọ́yà á sì fọwọ́ sí ìwé tó jẹ́rìí sí i pé ó ti bá yín sọ̀rọ̀ nípa àtúnṣe. Ìwé ẹ̀rí ìgbéyàwó máa ń tẹ̀ lé e. Bó bá ti sọnù, ibi tẹ́ ẹ ti ṣe é ló lè fún yín ní ẹ̀dà tó ní òǹtẹ̀, kẹ́ ẹ sì tètè lọ béèrè, torí ó ń fi nǹkan falẹ̀.

Ìmọ̀ràn kan: bí ìwà ìkà bá ti tó, ẹ má ju orúkọ àlè sí i nítorí ìbínú. Ẹni tẹ́ ẹ bá dárúkọ pé ó bá a ṣàgbèrè, òfin ní kẹ́ ẹ mú un wọ ẹjọ́. Wọ́n gbọ́dọ̀ fún un níwèé, ó lè gba lọ́yà tirẹ̀, ẹjọ́ á sì gùn.

Fífún un níwèé

Bélífù, ìyẹn òṣìṣẹ́ kóòtù tó ń pín ìwé ẹjọ́, ni kó fi ìwé ìpẹ̀jọ́ lé olùjẹ́jọ́ lọ́wọ́, kì í ṣe ẹ̀yin. Ní Èkó, sísá fún bélífù wọ́pọ̀. Ẹ fún bélífù ní fọ́tò rẹ̀, àdírẹ́sì iṣẹ́, àti aago tó máa ń délé. Bó bá ṣì ń sá, lọ́yà á tọrọ àṣẹ láti lẹ̀ ẹ́ mọ́ ẹnu ọ̀nà rẹ̀ tàbí láti gba ọ̀nà mìíràn. Bẹ́ ẹ bá lẹ̀ ẹ́ láìgba àṣẹ, gbogbo ohun tẹ́ ẹ ṣe lẹ́yìn náà lè wó. Tó bá gbà á, ó ní ọjọ́ 28 láti fèsì, ó sì lè pẹjọ́ tirẹ̀ mọ́ ìdáhùn náà.

Ẹ ò ní láti pebi mọ́nú títí ẹjọ́ á fi parí. Abala 70 jẹ́ kẹ́ ẹ lè béèrè owó ìtọ́jú fún ìgbà tí ẹjọ́ ṣì ń lọ. Ẹ kó rìsíìtì owó ilé ìwé, oògùn àti ilé wá. Iye tẹ́ ẹ bá béèrè láìsí rìsíìtì, díẹ̀ ni wọ́n máa fún yín nínú ẹ̀. Ní ti ọmọ, ire ọmọ ló ṣáájú lábẹ́ abala 71. Bí ìjà bá wà lórí ọmọ tàbí owó, ẹ̀yin méjèèjì àti lọ́yà yín gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ jókòó ìpàdé kí wọ́n tó lè fi ẹjọ́ sí ọjọ́ ìgbọ́.

Nínú àpótí ẹ̀rí

Kódà bí ẹnì kejì ò bá yọjú rárá, ẹ ṣì gbọ́dọ̀ fi ẹ̀rí hàn. Adájọ́ kì í kàn tú ìgbéyàwó ká torí pé kò sẹ́ni tó ta kò ó. Kò ní béèrè ẹ̀rí tó kọjá gbogbo iyèméjì bíi ti ọ̀daràn, kó ṣáà tẹ́ ẹ lọ́rùn dé ìwọ̀n tó bọ́gbọ́n mu. Ẹ dáhùn ohun tí wọ́n bi yín nìkan. Bí ẹ̀yin náà bá ti gbá a létí rí, ẹ sọ ọ́ ṣáájú kí lọ́yà rẹ̀ tó sọ ọ́ fún yín.

Oṣù mẹ́ta lẹ́yìn ìdájọ́

Ìdájọ́ àkọ́kọ́, tí wọ́n ń pè ní decree nisi, kò tíì tú yín sílẹ̀ pátápátá. Oṣù 3 ló máa ń gbà kó tó di decree absolute, ìyẹn ìdájọ́ tó tú ìgbéyàwó ká pátápátá. Bí ọmọ tí kò tíì pé ọdún 16 bá wà, adájọ́ gbọ́dọ̀ ti fọwọ́ sí ètò tó wà fún un, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, ìdájọ́ náà ò ní di decree absolute, kódà bí oṣù mẹ́ta náà bá pé. Ẹni tó bá ṣègbéyàwó mìíràn láàárín àkókò yìí, òfo ló ṣe, nítorí náà kí ẹnikẹ́ni má tíì san owó gbọ̀ngàn. Tí oṣù náà bá pé, ẹ padà sí rẹ́jísírì kóòtù, kẹ́ ẹ gba ìwé ẹ̀rí decree absolute pẹ̀lú ẹ̀dà mẹ́ta tó ní òǹtẹ̀: ọ̀kan fún yín, ọ̀kan fún lọ́yà, ọ̀kan fún ìgbà tí báńkì, ilé iṣẹ́ owó ìfẹ̀yìntì tàbí ilé ìwé ọmọ bá béèrè. Lọ́jọ́ kan náà, ẹ yí orúkọ ẹni tẹ́ ẹ fi ṣe ìbátan tó súnmọ́ yín jù padà nínú fọ́ọ̀mù báńkì àti ti owó ìfẹ̀yìntì, torí kóòtù ò ní bá yín yí ìyẹn.